Ráàkì bàtà onírin: ẹ wọ̀n ọ́n dáadáa kẹ́ ẹ tó jó o pọ̀

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ bá ń gbé apá Igbogbo tàbí Ágíríìkì n'Íkòròdú níbí ẹ mọ ohun tí mò ń sọ, tójò bá ti rọ̀ tán, ẹnu ọ̀nà ilé á wá dà bí ọjà òkìrìkà, bàtà ọmọ níbí, sálúbàtà ìyá wọn lọ́hùn-ún, bàtà iléèwé tí ẹrẹ̀ ti bò dé ọrùn, àlejò gan-an ò ní mọ ibi tó máa bọ́ tiẹ̀ sí. Mo kọ́kọ́ ra ráàkì onírọ́bà, èyí tí páìpù ẹ̀ tín-ín-rín bí ìgbálẹ̀ yẹn, ẹ̀ẹ̀kan péré tí ọmọ gbẹ́sẹ̀ lé e kó lè mú kọ́kọ́rọ́ lára ògiri, ó parí.

Mo wá lọ bá wẹ́dà kan. Mi ò ní dárúkọ ẹ̀, àdúgbò kan náà la jọ wà. Ó gbowó, ó ní ọjọ́ mẹ́ta, ó lo ọjọ́ mọ́kànlá, ìgbà tó wá gbé e dé, ẹsẹ̀ mẹ́ta ló kanlẹ̀, ìkẹrin wà lókè bí ajá tó fẹ́ tọ̀. Mo ní "Bọ̀ọ̀dá, kí lèyí?" Ó ní "Àlàájì, ilẹ̀ ilé yín ni ò dọ́gba." Ilẹ̀ tí mo tẹ́ táìlì sí o! Mo gbé e lọ sí ilé aládùúgbò, ẹsẹ̀ kan náà ló gbé sókè níbẹ̀.

Bí mo ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ iṣẹ́ wẹ́dà fúnra mi nìyẹn. Ohun tí mo sì wá rí ni pé jíjó irin pọ̀ yẹn nìkan kọ́ ló ń ba iṣẹ́ jẹ́, wíwọ̀n àti gígé ló pọ̀ jù. Torí náà, kódà tẹ́ ẹ ò bá ní ẹ̀rọ wẹ́dà, tẹ́ ẹ bá ti wọn irin yín tẹ́ ẹ sì gé e bó ṣe yẹ, ẹ lè kó o lọ fún wẹ́dà kó bá yín jó o lójú yín, owó iṣẹ́ ẹ̀ ò ní tó ti ẹni tó ṣe gbogbo ẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀.

Ẹ kọ́kọ́ wọn bàtà. Ọ̀pọ̀ èèyàn ògiri ni wọ́n máa ń sáré wọ̀n. Bàtà ọkùnrin tó ń wọ 43 tàbí 44 máa ń gùn tó nǹkan bí 30 sẹ̀ǹtímítà lóde, méjèèjì tẹ́ ẹ bá tò ó pọ̀ á fẹ̀ tó 22. Ti obìnrin àti tàwọn ọmọdé kéré síyẹn. Èmi wá ṣe tèmi ní 80 sẹ̀ǹtímítà ní fífẹ̀, 30 láti iwájú dé ẹ̀yìn, 75 ní gíga, ìpele mẹ́rin. Bàtà ọkùnrin mẹ́ta ń dúró dáadáa lórí ìpele kan, tó bá jẹ́ ti obìnrin mẹ́rin á gbà.

Irin tẹ́ ẹ máa rà ni páìpù onígun mẹ́rin, "ìnṣì kan bàì ìnṣì kan" làwọn tó ń tà á máa ń pè é, gééjì 16. Ẹ fetí sí ọ̀rọ̀ gééjì yìí o, torí ibẹ̀ ni wọ́n ti máa ń rẹ́ èèyàn jẹ: bí nọ́ńbà ẹ̀ bá ṣe ń lọ sókè ni irin á máa fẹ́lẹ́ sí i. Gééjì 18 fẹ́lẹ́ ju 16 lọ, 20 sì tún fẹ́lẹ́ jùyẹn, ẹni tó bá ń jó irin fúngbà àkọ́kọ́ á kàn máa lu ihò sí i ni. Nígbà tí mo lọ sí Sábó, ọmọkùnrin tó ń tà á ní fíìtì 20 ni páìpù kan, mo fa téèpù sí i, mítà 5.8 ló jẹ́. Mi ò bá a jà, mo kàn mọ̀ ni. Ẹ gbé orí páìpù síwájú ojú kan kẹ́ ẹ fi wo gbogbo ẹ̀ lọ dé ìdí bí ẹni tó ń yìnbọn, èyí tó bá tẹ̀, ẹ fi sílẹ̀ fún wọn.

Ẹ má ra galvanised. Ó máa wù yín torí ó ń dán, wọ́n á sì sọ fún yín pé kì í dógùn-ún, òótọ́ ni, ṣùgbọ́n síǹkì ni wọ́n fi bò ó, tẹ́ ẹ bá wá fi iná wẹ́dà jó o, èéfín funfun tó máa jáde lára ẹ̀ lè dá ibà sí yín lára lálẹ́ ọjọ́ yẹn, òtútù, orí fífọ́, gbogbo ara ríro. Àwọn wẹ́dà wa á ní kẹ́ ẹ mu mílíìkì. Mílíìkì dáa nínú kókò, àmọ́ ikùn ló ń lọ, èéfín sì ti wọ ẹ̀dọ̀fóró ní tiẹ̀. Páìpù dúdú lásán ni kẹ́ ẹ rà, ọ̀dà ló máa dáàbò bò ó.

Páìpù méjì máa tó yín, kódà bí wọn ò bá ju 5.8 lọ. Ẹsẹ̀ mẹ́rin, 75 lọ́kọ̀ọ̀kan. Èyí tó máa dùbúlẹ̀ níwájú àti lẹ́yìn jẹ́ mẹ́jọ, òun náà 75, torí àárín ẹsẹ̀ sí ẹsẹ̀ ló máa wà, ẹ yọ ìnṣì kan ti ẹsẹ̀ ọ̀tún àti ìnṣì kan ti òsì kúrò nínú 80. Èyí tó máa wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ jẹ́ mẹ́jọ, 25 lọ́kọ̀ọ̀kan. Láti ara páìpù àkọ́kọ́, ẹ gé 75 méje àti 25 kan, láti ara ìkejì, ẹ gé 75 márùn-ún àti 25 méje. Ó kù díẹ̀ lára kálukú wọn, ẹ tọ́jú ẹ̀, ara ẹ̀ lẹ máa ti dán iná wò. Ẹ tún ra ìdajì rọ́ọ̀dù 10 mílímítà, kí wọ́n ti bá yín gé e sí 75 mẹ́fà níbẹ̀.

Gígé ẹ̀ wàyí. Ayùn irin lè ṣe é, apá ló máa dùn yín. Ẹ̀rọ tí gbogbo èèyàn ń pè ní filing machine ló yá, ẹ fi dísìkì tí wọ́n fi ń gé irin sí i, ẹ má fi èyí tí wọ́n fi ń fá irin gé nǹkan o, ó lè fọ́ síni lójú. Ẹ fi ṣọ́ọ̀kì sàmì yí ojú páìpù mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ká, kì í ṣe ojú kan, ojú kan tẹ́ ẹ bá sàmì sí ló máa jẹ́ kí gígé ẹ̀ dagun. Téèpù ni kẹ́ ẹ fi wọn ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ẹ má fi èyí tẹ́ ẹ gé tán wọn èyí tó kàn, àṣìṣe kékeré á máa bímọ. Tẹ́ ẹ bá parí, ẹ kó ẹsẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin dúró pa pọ̀ lórí táìlì kẹ́ ẹ fọwọ́ ra orí wọn, ọwọ́ yín máa sọ èyí tó ga jù, ẹ fá a títí wọ́n á fi dọ́gba. Ká ní wẹ́dà yẹn ṣe eléyìí nìkan ni, à bá máa kíra wa dáadáa títí dòní.

Ká tó tan iná: ojú. Àṣíborí wẹ́dà tí gíláàsì ẹ̀ jẹ́ nọ́ńbà 10 tàbí 11 ni kẹ́ ẹ wọ̀, awò dúdú tẹ́ ẹ fi ń ṣe fáàrí lọ sóde ìnáwó ò lè ṣe é. Tí iná yẹn bá ta sí yín lójú, ẹ ò ní mọ nǹkan kan lójú ẹsẹ̀, ó di òru kó tó dà bíi pé ẹnì kan da yanrìn gbígbóná sí yín lójú, ẹ lọ bi mí. Ẹ lé àwọn ọmọdé wọlé torí wọ́n fẹ́ràn àti máa wò ó. Aṣọ òwú ọlọ́wọ́ gígùn, kì í ṣe nílọ́ọ̀nù tó máa yọ́ mọ́ yín lára, àti bàtà tó bo ẹsẹ̀, ẹ jọ̀ọ́, ìtìjú ni kéèyàn máa fi sílípáàsì ṣe ráàkì bàtà. Ilẹ̀ gbọ́dọ̀ gbẹ, tójò bá ti ń ṣú, ẹ pa á tì. Ẹni tó bá fẹ́ kí Ògún kó kí i, ẹni tó bá fẹ́ gbàdúrà kó gbà á, gógùlù ṣáà gbọ́dọ̀ wà lójú nígbà tẹ́ ẹ bá ń fá irin.

Ẹ̀rọ wẹ́dà kékeré tí wọ́n ń pè ní inverter yẹn tó, jẹnẹrétọ̀ kékeré tá a fi ń wo tẹlifíṣọ̀n ni ò lè gbé e, 3.5 kVA sókè ni kẹ́ ẹ lò tí ò bá sí iná, kẹ́ ẹ sì gbé e jìnnà síbi tí iná ń ta sí torí epo inú ẹ̀. Electrode, ìyẹn ọ̀pá tẹ́ẹ́rẹ́ tó ń yọ́ láti lẹ irin pọ̀, gééjì 12 ni kẹ́ ẹ rà, 2.5 mílímítà nìyẹn. Mo ń fi bíi 60 áḿpù jó páìpù yìí, ara àjákù ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ dán an wò: tó bá ń lu ihò, ẹ dín in kù tàbí kẹ́ ẹ yára sí i, tí electrode bá ń lẹ̀ mọ́ irin, ẹ fi díẹ̀ kún un. Ẹ so wáyà ilẹ̀ mọ́ ibi tí irin ti mọ́, lórí ọ̀dà tàbí ìdọ̀tí kò ní mú iná.

Ẹ to ẹsẹ̀ méjì sílẹ̀ lórí kọnkéré tó tẹ́jú, 80 láti ẹ̀gbẹ́ ìta èkíní dé ẹ̀gbẹ́ ìta èkejì. Ẹ sàmì sí 10, 30 àti 50 láti ìsàlẹ̀, orí àmì kọ̀ọ̀kan ni ìsàlẹ̀ páìpù tó máa dùbúlẹ̀ láàárín wọn máa jókòó lé, ìkẹrin á dọ́gba pẹ̀lú orí ẹsẹ̀. Sẹ̀ǹtímítà 10 tó ṣófo nísàlẹ̀ yẹn, ti ìgbálẹ̀ ni, àti ti omi tó ń wọlé lọ́jọ́ òjò ńlá. Àyè tó wà lábẹ́ ìpele òkè á ga ju àwọn tó kù lọ díẹ̀, ibẹ̀ ni bàtà ọlọ́rùn gígùn máa wà.

Ẹ kàn fi iná tò ó lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan ni, ẹyọ ẹ̀kán kan níbi kọ̀ọ̀kan, ẹ má tíì jó o parí. Wàyí o, ibi tí gbogbo ọ̀rọ̀ wà nìyí: ẹ fa téèpù láti igun òkè lápá òsì lọ sí ìdí ẹsẹ̀ ọ̀tún, ẹ tún fà á láti òkè ọ̀tún lọ sí ìdí ẹsẹ̀ òsì. Méjèèjì gbọ́dọ̀ jẹ́ nǹkan bí 109.7 sẹ̀ǹtímítà. Tí ọ̀kan bá jẹ́ 110.5 tí ìkejì jẹ́ 109, ó ti wọ́ nìyẹn, ẹ fi òòlù gbá igun ibi tó gùn jù wọlé díẹ̀díẹ̀ títí wọ́n á fi bára mu. Iná ẹyọ kan máa gbà fún yín láti ṣe bẹ́ẹ̀, tẹ́ ẹ bá ti jó o parí, ó di kẹ́ ẹ gé e. Ẹ ṣe ìkejì lórí àkọ́kọ́ gan-an kí wọ́n lè jẹ́ ìbejì.

Lẹ́yìn náà lẹ máa fi 25 mẹ́jọ so wọ́n pọ̀, bákan náà, iná ẹyọ kan, kẹ́ ẹ wọn igun sí igun lẹ́gbẹ̀ẹ́ àti lókè, kẹ́ ẹ wá gbé e dúró lórí táìlì. Ẹ tì í. Tó bá mì, ìsinsìnyí ni kẹ́ ẹ tún un ṣe.

Tẹ́ ẹ bá wá fẹ́ jó o parí, ẹ má bẹ̀rẹ̀ láti apá kan kẹ́ ẹ máa bọ̀ tààrà. Irin tí iná bá wọ̀, tó bá ń tutù ó máa ń súnkì, ibi tẹ́ ẹ ti jó ló máa fa irin sí. Torí náà ẹ jó igun kan, ẹ fò lọ sí èyí tó kọjú sí i, ẹ tún padà wá sí òdìkejì, bí ẹní ń de nọ́ọ̀tì táyà mọ́tò. Ohun tí wẹ́dà tèmi tún ṣe ni pé ó jó apá ọ̀tún tán pátá kó tó kan òsì, irin sì wọ́ lọ bá a.

Rọ́ọ̀dù méjì-méjì lórí ìpele mẹ́ta ìsàlẹ̀, láàárín páìpù ẹ̀gbẹ́ sí ẹ̀gbẹ́, kí àlàfo wọn jẹ́ bíi 7.5 sẹ̀ǹtímítà, kí orí wọn bá orí páìpù dọ́gba. Ìpele òkè, mi ò fi rọ́ọ̀dù síbẹ̀, pákó 80 bàì 30 ni mo gbé lé e, ibẹ̀ ni báàgì iléèwé àti kọ́kọ́rọ́ ń wà báyìí, kò sẹ́ni tó ń gun nǹkan mọ́. Àjákù rọ́ọ̀dù tó ṣẹ́kù, mo tẹ̀ ẹ́ mo jó o mọ́ ẹ̀gbẹ́, òun la fi ń gbé agbòjò kọ́.

Ọ̀dà ni ẹ ò gbọdọ̀ fojú di, torí afẹ́fẹ́ ọ̀sà yìí, irin tẹ́ ẹ bá gbé síta lásán n'Íkòròdú, ọ̀sẹ̀ kan ti tó kó bẹ̀rẹ̀ sí í pọ́n. Ẹ fi òòlù gbá èèpo dúdú orí ibi tẹ́ ẹ jó kúrò, ẹ fá a, ẹ fi sánpépà ha gbogbo ara páìpù, ẹ fi tínà nù ún, ibi tí òróró bá ti wà, ọ̀dà máa ṣí ni. Ẹ kọ́kọ́ fi red oxide, ọ̀dà ìpìlẹ̀ tó pupa yẹn, kùn ún, pàápàá kọ̀rọ̀ tí irin ti pàdé irin, ẹ jẹ́ kó sùn mọ́jú, kẹ́ ẹ wá kùn ún lẹ́ẹ̀mejì pẹ̀lú gloss, ọ̀dà tó ń dán, àwọ̀ tó bá wù yín. Ẹ fi rọ́bà dí ìdí ẹsẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, kò ní ha táìlì, omi ò ní wọnú páìpù, aáyán náà ò sì ní sọ ọ́ dilé. Ẹ wọn ìnṣì kan gan-an fún wọn nígbà tẹ́ ẹ bá ń rà á.

Fún bàtà gogoro àwọn obìnrin, tó bá ń jìn sáàárín rọ́ọ̀dù, ẹ yí i padà kẹ́ ẹ fi gìgísẹ̀ ẹ̀ há páìpù ẹ̀yìn, ó máa dúró dáadáa. Kẹ́ ẹ sì mú sùúrù bí ọjọ́ mẹ́ta kẹ́ ẹ tó to nǹkan kan sí i, kódà tó bá ti gbẹ lọ́wọ́, torí ìyá àwọn ọmọ mi ò dúró, alẹ́ ọjọ́ yẹn gan-an ló to sálúbàtà ẹ̀ sórí ẹ̀, òwúrọ̀ ọjọ́ kejì ó fà á, ọ̀dà bá a lọ, ìlà dúdú méjì ṣì wà nídìí sálúbàtà yẹn tó fi ń lọ ṣọ́ọ̀ṣì, èmi ló sì ń bá wí.