Tẹ́ ẹ bá ń lọ sí Seoul, ẹ lọ fọwọ́ ara yín ro choux níbẹ̀

Ẹ̀yin èèyàn mi tẹ́ ẹ fẹ́ràn kẹ́ ẹ máa yan nǹkan nílé, tí ọ̀nà bá gbé yín dé Seoul, olú ìlú South Korea, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má jẹ́ kó jẹ́ fọ́tò nìkan lẹ máa gbé bọ̀. Ẹ ya wákàtí mẹ́ta sọ́tọ̀, ẹ lọ kíláàsì tí wọ́n ti ń fi èròjà Kòríà ṣe ìpápánu Faransé, bíi choux, ìyẹn ìpápánu wíwú tínú ẹ̀ ṣófo tí wọ́n ń tẹ kírímù sí, kẹ́ ẹ fọwọ́ ara yín pò ó, kẹ́ ẹ fọwọ́ ara yín yan án. Mo ti ṣe é lẹ́ẹ̀mejì, ti àkọ́kọ́ ò tẹ́ mi lọ́rùn rárá, ìkejì ló yí bí mo ṣe ń yan nǹkan padà, ìdí nìyẹn tí mo fi fẹ́ sọ gbogbo ohun tí mo mọ̀ kí owó yín má baà lọ lásán.

Àwọn ará Kòríà ò ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ nǹkan Faransé o. Paris Baguette, ṣọ́ọ̀bù búrẹ́dì àti kéèkì tẹ́ ẹ máa rí káàkiri ìgboro yẹn, ilé iṣẹ́ Kòríà ni, 1988 ni wọ́n ti ṣí ṣọ́ọ̀bù wọn àkọ́kọ́, nígbà tó fi máa di 2014 wọ́n ti lọ ṣí òmíì sínú ìlú Paris gan-an. Le Cordon Bleu, ilé ẹ̀kọ́ oúnjẹ sísè ti Faransé, náà ti ń kọ́ni ní yunifásítì Sookmyung ní Seoul láti 2002. Torí náà ẹ máa bá àwọn tíṣà pàdé tí iṣẹ́ bọ́tà àti ẹyin ti mọ́ lọ́wọ́ dáadáa kí wọ́n tó wá fi adùn ilé wọn sí i.

Gongbang ni wọ́n ń pe ibi iṣẹ́ kékeré báyìí, "one-day class" sì ni wọ́n ń pe kíláàsì ọ̀hún, bí òyìnbó ṣe ń pè é náà làwọn náà ń pè é. Ẹ wá a lórí Instagram, tàbí Klook tí arìnrìn-àjò fi ń búùkù nǹkan, tàbí Airbnb. Naver tí àwọn ará ibẹ̀ fi ń búùkù sábà máa ń béèrè nọ́ńbà fóònù Kòríà, ibẹ̀ ló ti ń há mọ́ àlejò lọ́wọ́. Àwọn míì á ní kẹ́ ẹ san owó sí àkáǹtì báǹkì Kòríà, ẹ tètè bi wọ́n bóyá wọ́n ń gba káàdì ìlú òkèèrè.

Ìbéèrè tó ṣe pàtàkì jù rèé, ẹ bi wọ́n kẹ́ ẹ tó sanwó: ṣé èmi fúnra mi ni màá wọn nǹkan, tí màá gbé ìkòkò kaná, tí màá pò ó, tí màá gbé e sínú oven? Àbí ẹ ti ṣe é sílẹ̀ dè mí? Torí ibi tí mo kọ́kọ́ lọ, ká tó dé wọ́n ti po gbogbo ẹ̀ tán, kírímù wà nínú fíríìjì, iṣẹ́ tiwa ò ju ká tẹ kírímù sínú ẹ̀ ká sì ya fọ́tò. Owó tó pé ni mo san, ó dùn mí gan-an torí mi ò mọ nǹkan kan tí mo lè lọ ṣe nílé. Ẹ tún bi wọ́n bóyá ẹni méjì ló ń pín abọ́ kan. Ẹni kan abọ́ kan ni kẹ́ ẹ wá.

Ìpápánu wo ni kẹ́ ẹ wá mú? Ẹ fi croissant sílẹ̀. Wọ́n ní láti ká bọ́tà mọ́ ọn, kó sinmi nínú fíríìjì, kí wọ́n tún nà án, kó tún sinmi, wákàtí mẹ́ta ò lè gbé e, ohun tó máa ṣẹlẹ̀ ni pé wọ́n á gbé èyí tí wọ́n ti ká sílẹ̀ fún yín. Macaron, bisikíìtì álímọ́ńdì kékeré méjì tí kírímù wà láàárín wọn, dáa, pàápàá èyí tí wọ́n ń pè ní ttungcarong tí kírímù inú ẹ̀ nípọn bí ìka méjì, àmọ́ kó tó dùn dáadáa á sùn sínú fíríìjì mọ́jú, ẹ̀yin sì jẹ́ arìnrìn-àjò. Financier, kéèkì kékeré tí wọ́n fi álímọ́ńdì àti bọ́tà ṣe, rọrùn, ó sì ń pẹ́ díẹ̀. Èyí tí mo fọwọ́ sọ̀yà fún ni choux, ṣù ni wọ́n ń pè é, torí ó bẹ̀rẹ̀ ó sì parí lójú yín níjókòó kan, ọwọ́ lẹ sì fi ń kọ́ ọ, kì í ṣe ìwé.

Ẹ wò ó, ọmọ Yorùbá tó bá ti ro àmàlà rí ti mọ ìdajì choux. Omi, mílíìkì, bọ́tà àti iyọ̀ díẹ̀ lẹ máa gbé kaná, tó bá ti hó yàà lẹ máa da fúláwà sí i lẹ́ẹ̀kan náà, ẹ máa rò ó kíákíá kó má ní kókó, ẹ ṣì máa rò ó lọ lórí iná títí tó fi máa di bọ́ọ̀lù kan tí èèpo fẹ́ẹ́rẹ́ á sì bẹ̀rẹ̀ sí í bo ìdí ìkòkò. Èèpo yẹn lẹ ń wò, òun ló ń sọ pé omi tó yẹ kó lọ ti lọ. Ẹ sọ̀ ọ́ kalẹ̀, ẹ jẹ́ kí ooru ẹ̀ rọlẹ̀ kí ẹyin má baà sè mọ́ ọn lára, kẹ́ ẹ wá máa da ẹyin sí i díẹ̀ díẹ̀.

Ibi ẹyin yìí ni mo ti ṣàṣìṣe. Ìwé tí tíṣà fún wa kọ iye gíráàmù ẹyin sí i, ni mo bá wọ̀n ọ́n, ni mo bá da gbogbo ẹ̀ sí i. Tíṣà gbé ṣíbí mi sókè, ó ń ṣàn wálẹ̀ bí ògì. Kò bínú, ó kàn gbé abọ́ tiẹ̀ wá sẹ́gbẹ̀ẹ́ tèmi, ó gbé ṣíbí ẹ̀ sókè náà, tiẹ̀ rọ̀ wálẹ̀ lára ṣíbí bí igun mẹ́ta, ó dúró síbẹ̀ ò já. Ó ní kéèyàn da fúláwà tí ò tíì jinná sí i ò lè gbà á sílẹ̀ mọ́, ni mo bá tún gbé ìkòkò míì kaná. Igun mẹ́ta yẹn ni mo mú bọ̀ wálé, torí bí ẹyin ṣe tóbi tó àti bí ẹ ṣe rò ó gbẹ tó ló ń sọ iye tó máa gbà, nọ́ńbà inú ìwé ò lè rí inú ìkòkò yín. Tó bá ti wọ oven, bíi 180 sí 190°C, ẹ má ṣílẹ̀kùn o. Ooru omi inú ẹ̀ ló ń gbé e wú, tí atẹ́gùn tútù bá kàn án kó tó le, á rì ni.

Inú kírímù ni Kòríà ti wọlé. Pupa inú ẹyin, ṣúgà, sítáàṣì àti mílíìkì ni kírímù Faransé yẹn, wọ́n wá po heukimja mọ́ ọn, ìyẹn yànmọtí dúdú tí wọ́n yan tí wọ́n sì lọ̀ kúnná. Tàbí konggaru, ẹ̀wà sóyà tí wọ́n yan lọ̀, òórùn ẹ̀ dà bí ẹ̀pà sísun, ó sì máa ń mu omi gan-an, torí náà ìkẹyìn ni kẹ́ ẹ dà á sí i kí kírímù má baà le koko. Inú mi dùn nígbà tí mo rí injeolmi: ìrẹsì tó ń lẹ̀ ni, àtijọ́ wọ́n máa ń gún un bí ẹni gúnyán gan-an, wọ́n á gé e wẹ́wẹ́, wọ́n á fi konggaru ra á. Tíṣà fi ègé kan sí àárín kírímù choux, ẹ gé e jẹ, ó ń fà. Yuja náà ń bẹ, ọsàn wọn tó wà láàárín lẹ́mọ́ọ̀nù àti ọsàn dídùn, ó máa ń gé ọ̀rá bọ́tà lẹ́nu.

Ẹ̀yin Mùsùlùmí, ẹ bèèrè jẹ́látìn tí wọ́n ń lò, ẹlẹ́dẹ̀ ni wọ́n fi ń ṣe òmíì, ẹ sì bèèrè bóyá ọtí wà nínú ẹ̀, torí wọ́n máa ń fi makgeolli, ọtí ìrẹsì wọn, ṣe nǹkan. Ẹni tí ẹ̀pà tàbí álímọ́ńdì ń bá jà, ẹ sọ ọ́ nígbà tẹ́ ẹ bá ń búùkù, kì í ṣe ìgbà tẹ́ ẹ bá débẹ̀.

Google Maps lè má tọ́ yín sọ́nà dáadáa tẹ́ ẹ bá ń fẹsẹ̀ rìn ní Seoul, Naver Map ni kẹ́ ẹ gbé sórí fóònù, pẹ̀lú Papago tó ń túmọ̀ èdè. Ẹ gé èékánná, ẹ fi síkáàfù di irun, pàápàá tó bá jẹ́ attachment. Ẹ má pe tíṣà lórúkọ, seonsaengnim ni kẹ́ ẹ pè é, ìyẹn "tíṣà" lédè wọn, kò ṣòro fún wa. Tó bá ń fún yín ní nǹkan, ọwọ́ méjèèjì lẹ fi gbà á. Wọn kì í gba owó ìmoore níbẹ̀, ẹ má yọ wọ́n lẹ́nu.

Ọjọ́ kejì tàbí ìkẹta tẹ́ ẹ débẹ̀ ni kẹ́ ẹ lọ, kó má jẹ́ ọjọ́ tẹ́ ẹ fẹ́ padà. Choux oníkírímù ò lè bá yín wọ bàálù, ọjọ́ tẹ́ ẹ ṣe é ni kẹ́ ẹ jẹ ẹ́. Ẹ sì tún máa fẹ́ ráyè lọ ọjà Bangsan, ẹ sọ̀ ní ibùdókọ̀ ojú irin abẹ́ ilẹ̀ Euljiro 4-ga, Line 2 tàbí Line 5. Ibẹ̀ ni àwọn tó ń yan nǹkan ti ń ra irin ẹnu ọ̀rá kírímù, páálí kéèkì àti pánù oríṣiríṣi. Ẹ má lọ lọ́jọ́ Sunday, ọ̀pọ̀ ṣọ́ọ̀bù ló ń tì. Ohun gbígbẹ ni kẹ́ ẹ rà, heukimja àti konggaru. Tẹ́ ẹ bá ra yuja inú ìgò, inú ẹrù ńlá ni kẹ́ ẹ fi sí, torí ó ju 100 ml lọ wọ́n á gbà á lọ́wọ́ yín.

Tẹ́ ẹ bá délé, ẹ tún un ṣe láàárín ọ̀sẹ̀ yẹn kí ọwọ́ má baà gbàgbé. Yànmọtí wà lọ́jà wa, funfun náà dáa, ẹ yan án lórí iná kékeré nínú pánù gbígbẹ títí tó fi máa ta sánsán, kẹ́ ẹ lọ̀ ọ́ nígbà tó bá tutù. Oven gáàsì tí iná ẹ̀ ń tìsàlẹ̀ wá, orí àga òkè ni kẹ́ ẹ gbé tírè lé kí ìdí choux má baà jó kí òkè ẹ̀ tó pọ́n, tí òkè bá sì ṣì funfun lẹ́yìn ogún ìṣẹ́jú, ẹ fún un ní mẹ́wàá sí i, ẹ ṣì má ṣílẹ̀kùn.