Òòfà, Iná àti Òtútù: Ìtọ́sọ́nà fún Àgbẹ̀ àti Onílé ní Kétu

Ọkùnrin kan tó ń ta òòfà tí wọ́n tú lára sípíkà àlòkù ló sọ fún mi lọ́jà pé kí n gbé e sínú fìríìjì fún ọjọ́ 7 kí n tó lò ó, pé òtútù ló ń jí i. Mo rà á, n kò bá a jiyàn. Àwọn baba wa ti mọ òòfà tipẹ́. Onísègùn fi ń ṣe àwúre, torí wọ́n ní ohun tó bá lè fa irin á fa owó àti ènìyàn náà. Ìyẹn wà lọ́wọ́ wọn. Irin ni tiwa nínú ìwé yìí: èyí tó wà nínú ìyẹ̀fun yín, èyí tó wà nínú ikùn màlúù, àti bí ẹ ṣe máa tọ́jú òòfà tí ẹ fẹ́ fi yọ ọ́.

Iná ló ń pa á

Inú òòfà dà bí agbo Gẹ̀lẹ̀dẹ́ nígbà tí ijó bá wọra. Gbogbo ohun kéékèèké tó para pọ̀ di irin náà kọjú síbì kan, wọ́n ń tẹ̀lé ìlù kan náà, ìyẹn ló fi ń fa nǹkan. Ooru ló ń dà wọ́n rú. Bó bá pọ̀ tó, agbo tú ká nìyẹn. Bó tilẹ̀ tutù padà, kálukú á dúró síbi tó bá wù ú.

Ẹ lè rí i nílé alágbẹ̀dẹ. Ẹ bẹ̀ ẹ́ kó fi ẹ̀mú mú ìṣó ńlá kan jáde nínú iná nígbà tó bá pọ́n yòò. Ẹ so òòfà mọ́ okùn, kí ẹ gbé e sún mọ́ ìṣó náà láìjẹ́ kó kàn án. Òòfà ò ní mira. Ẹ ní sùúrù. Pupa ìṣó á máa rẹlẹ̀, á máa ṣú díẹ̀díẹ̀, ẹ̀ẹ̀kan náà lòòfà á fì sọ́dọ̀ rẹ̀. Tí irin bá ti gbóná tó nǹkan bí 770°C, òòfà kì í rí i fà mọ́, àfi tó bá tutù. Òòfà kékeré tó ń dán bíi fàdákà, tí wọ́n ń pè ní neodymium, kò tiẹ̀ nílò iná alágbẹ̀dẹ: èyí tó wọ́pọ̀ nínú wọn ti ń pàdánù agbára bó bá ti kọjá 80°C, nígbà tí omi ò tíì hó.

Lẹ́nu ẹ̀rọ ìlọgi

Ibí yìí ni kí ẹ ti fara balẹ̀ kà á. Àwo irin 2 tó ń lọ àgbàdo nínú ẹ̀rọ máa ń ha ara wọn, pàápàá bí wọ́n bá ṣẹ̀ṣẹ̀ pààrọ̀ wọn tàbí tí onílé ẹ̀rọ bá fún wọn jù. Ohun tó bá ha kúrò, inú ìyẹ̀fun ló ń lọ. Ẹ wá òòfà tó tóbi, ẹ fi láílọ́ọ̀nù tó mọ́ wé e, kí ẹ so ó síbi tí ìyẹ̀fun ti ń jáde. Bí ẹ bá lọ̀ tán, ẹ wò ó: nǹkan dúdú á ti hù lára rẹ̀ bí irùngbọ̀n. Ẹ má họ ọ́. Ẹ gbé e jìnnà sí ìyẹ̀fun, ẹ fa òòfà yọ nínú láílọ́ọ̀nù, gbogbo irùngbọ̀n náà á já bọ́ fúnra rẹ̀. Ẹni tí kò bá wé tirẹ̀, ọwọ́ rẹ̀ ló máa sọ fún un. Ẹ lè fi òmíràn síbi tí àgbàdo ti ń wọlé, kó máa mú ìṣó tó bá bá a wá. Lọ́jọ́ tí àwo bá jẹ́ tuntun, ẹ kọ́kọ́ lọ àgbàdo díẹ̀, kí ẹ da èyí tó bá jáde nù.

Èmi náà ti ṣàṣìṣe rí. Mo ní kí wẹ́dà jó òòfà mi mọ́ ẹnu ẹ̀rọ kí olè má baà gbé e. Olè ò gbé e lóòótọ́. Ìṣó tí mo fi kàn án lọ́jọ́ kejì já bọ́ bí ẹni pé igi ni mo fi kàn. Bọ́ọ̀tì tàbí okùn ni kí ẹ lò.

Òtútù ńkọ́?

Mo gbé òòfà kan sun fíríìsà mọ́jú, ní -18°C. Iye ìṣó tó ń gbé tẹ́lẹ̀ náà ló gbé láàárọ̀. Lóòótọ́, òtútù máa ń fi agbára díẹ̀ kún ti neodymium, àmọ́ kò tó èyí tí ẹ máa fi ìṣó mọ̀.

Òtútù tó ń ṣe ìyanu kọjá ti fíríìsà. Ní ọdún 1911, ní ilẹ̀ Netherlands, onímọ̀ sáyẹ́ǹsì kan, Heike Kamerlingh Onnes, mú kí mákúrì, irin tó máa ń ṣàn bí omi, tutù dé nǹkan bí -269°C, iná mànàmáná sì ń gba inú rẹ̀ kọjá láìsí ìdíwọ́ kankan. Irú òtútù bẹ́ẹ̀, àti irú iná tí kò rí ìdíwọ́ bẹ́ẹ̀, ló wà nínú ọ̀pọ̀ ẹ̀rọ òòfà ńlá tí wọ́n fi ń wo inú ara ní ọsibítù. Èyí tó lè dé ọ̀dọ̀ ẹlẹ́ran ni afẹ́fẹ́ nitrogen tó di omi, -196°C, tí wọ́n fi ń tọ́jú àtọ̀ akọ màlúù. Ẹ má tọwọ́ bọ̀ ọ́, ẹ má dé e pa, ẹ má sì gbé e sínú ọkọ̀ tí fèrèsé rẹ̀ wà ní títì.

Nínú ilé àti lágbo ẹran

Òòfà wà nínú rọ́bà tó yí ilẹ̀kùn fìríìjì ká. Ẹ ti ilẹ̀kùn mọ́ bébà, kí ẹ fà á. Bó bá yọ wẹ́rẹ́, atẹ́gùn ń wọlé, abẹ́rẹ́ àjẹsára adìyẹ tó yẹ kó wà láàárín 2°C sí 8°C lè ti bàjẹ́. Ìdọ̀tí ni ó máa ń fà á nígbà mìíràn. Ẹ fi ọṣẹ àti omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ fọ rọ́bà náà ná.

Màlúù kì í yan oúnjẹ, ó máa ń gbé wáyà àti ìṣó mì, èyí tó lè gún un dé ọkàn. Dókítà ẹran lè ti òòfà tó dán gba ọ̀fun rẹ̀ sínú ikùn. Ibẹ̀ ló máa wà títí, tí á máa kó irin jọ. Ẹ má fọwọ́ ara yín ṣe é.

Ti ọmọdé ló ń bà mí lẹ́rù jù. Bó bá gbé òòfà 2 mì, wọ́n á wá ara wọn rí láti inú ìfun sí ìfun, wọ́n á fún ẹran tó wà láàárín wọn títí á fi lu. Ẹ má fún un ní epo pupa, ẹ má sì tọwọ́ bọ̀ ọ́ lọ́fun kó bì. Ọsibítù ni, lọ́jọ́ náà gan-an, bí inú ò tilẹ̀ tíì máa run ún. Ẹ mú òòfà tó kù nílé dání kí dókítà rí i.