Bí dókítà ẹran ṣe lè kọ ìwé tí ará ilé yóò kà

Ẹ̀yin tí ẹ ń tọ́jú ẹran ní abúlé bíi tèmi, ẹ wo Alf Wight, ẹni tí gbogbo ayé mọ̀ sí James Herriot. Ọdún 1940 ló bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ dókítà ẹran ní Thirsk, ní Yorkshire, ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. 1970 ni ìwé rẹ̀ àkọ́kọ́ jáde. Ó ti kọ ìtàn bọ́ọ̀lù ṣáájú, àwọn òǹtẹ̀wé kò gbà á. Ohun tí ọwọ́ rẹ̀ mọ̀ ló gbé e jáde.

Ẹ kọ ọ́ lálẹ́ ọjọ́ náà gan-an. Bí mo bá ti gáà dé, tí mo bọ́ bàtà rọ́bà, ọ̀rọ̀ ẹnu ẹni tó ni ẹran ni mo máa ń kọ́kọ́ kọ sílẹ̀, bó ṣe sọ ọ́ gẹ́lẹ́. Oògùn tí mo lò ti wà nínú ìwé ìtọ́jú. Ọ̀rọ̀ ẹnu ló máa ń pòórá. Ẹ má sì dúró de ibi tó dákẹ́: iwájú tẹlifíṣọ̀n, láàárín ìdílé rẹ̀, ni Wight ti ń kọ tirẹ̀.

Bí màlúù bá ń rọbí, ẹ má sáré sọ pé ọmọ jáde. Ẹ sọ ibi tí apá yín wọlé dé, bí ilé-ọmọ ṣe fún un títí ìka fi kú, bí ẹsẹ̀ ọmọ ṣe ń yọ̀ bọ́ lọ́wọ́, bí ẹ ṣe ta okùn mọ́ ọn. Ṣé orí ló ṣáájú ni, àbí ìdí? Ẹ jẹ́ ká mọ ohun tí màlúù náà jẹ́ fún ẹni tó ni ín, bóyá owó ilé ìwé ọmọ rẹ̀ ni. Ẹ kọ èyí tó kú pẹ̀lú. Èmi kò lè ka ìtàn tí dókítà nìkan ti gbọ́n.

Ẹ yí orúkọ padà. Wight sọ Thirsk di Darrowby, ó sọ Donald Sinclair ọ̀gá rẹ̀ di Siegfried. Òfin iṣẹ́ wọn nígbà náà ka orúkọ ara ẹni lórí ìwé sí ìpolówó, ló bá yá orúkọ Herriot lọ́wọ́ aṣọ́lé ẹgbẹ́ bọ́ọ̀lù Birmingham City kan. Ẹ yí àwọ̀ ẹran padà pẹ̀lú: lábúlé, màlúù alámì tótòtó kan ṣoṣo lè tú àṣírí odidi agbo ilé.

Tó bá parí, ẹ kà á sókè fún darandaran tó gbọ́ Yorùbá. Ibi tó bá ti ní màlúù kì í ṣe bẹ́ẹ̀, ẹ tún un kọ.