Bí a ṣe ń kọ sọ́bútáítù Yorùbá sí fíìmù Indonéṣíà

Ní ọdún 2022, fíìmù abanilẹ́rù kan, KKN di Desa Penari, ta tíkẹ́ẹ̀tì tó lé ní mílíọ̀nù 9 ní Indonéṣíà. Ẹni tó bá fi sọ́bútáítù Gẹ̀ẹ́sì, ìyẹn ọ̀rọ̀ ìtumọ̀ tó ń jáde nísàlẹ̀ àwòrán, wo irú fíìmù bẹ́ẹ̀ ní Ògbómọ̀ṣọ́, adùn púpọ̀ ló ti fò ó.

Ẹ kọ́kọ́ gba àṣẹ lọ́wọ́ ẹni tó ni fíìmù. Bí ẹ bá fẹ́ fi han aráàlú, NFVCB, àjọ tó ń yẹ fíìmù wò ní Nàìjíríà, gbọ́dọ̀ ti yẹ̀ ẹ́ wò.

Ẹ ṣí sọ́bútáítù Indonéṣíà sẹ́gbẹ̀ẹ́ ti Gẹ̀ẹ́sì, torí èdè wọn súnmọ́ tiwa ju bí ẹ ṣe rò lọ. Kakak ni ẹ̀gbọ́n, adik ni àbúrò, lọ́kùnrin lóbìnrin. Dia, ọ̀rọ̀ tí wọ́n fi ń rọ́pò orúkọ èèyàn, náà kò ya ọkùnrin sọ́tọ̀ kúrò lára obìnrin, “ó” wa gẹ́lẹ́ ni. Bí fíìmù bá ń fi bóyá ọkùnrin tàbí obìnrin ni iwin pamọ́, Gẹ̀ẹ́sì á ti tú àṣírí, Yorùbá kò ní tú u.

Ní ti orúkọ ọ̀wọ̀ tí wọ́n fi ń pe èèyàn, Mas di Bọ̀dá, Mbak di Àǹtí, Pak di Bàbá, Bu di Màmá. Ẹni tó bá ń pe èèyàn ní Pak, “ẹ” ni kó máa lò fún un títí dé ìparí. Bí “o” bá yọ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, òǹwòran á rò pé ìjà ti dé.

Pocong ni òkú tí wọ́n dì sínú aṣọ funfun bí Mùsùlùmí ṣe ń di òkú. Ẹ fi orúkọ náà sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má pè é ní egúngún: egúngún Ọ̀yọ́ ní ọlá tirẹ̀, kì í ṣe òkú tó ń dẹ́rù ba ọmọdé.

Nínú Subtitle Edit, ètò kọ̀ǹpútà ọ̀fẹ́ tí a fi ń kọ sọ́bútáítù, ẹ má kọjá ìlà méjì, lẹ́tà 42 ní ìlà kan. Kí ọ̀rọ̀ má pẹ́ ju ìṣẹ́jú-àáyá 7 lójú, kó má sì dín sí 1. Lẹ́tà bíi 12 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan tó, torí àmì ohùn ń fa ojú sẹ́yìn. Kọ̀ǹpútà lè ka “ẹ́” sí lẹ́tà méjì, nítorí náà ìkìlọ̀ pupa rẹ̀ pé ìlà ti gùn jù kì í fìgbà gbogbo jẹ́ òótọ́. UTF-8, ìlànà ìfipamọ́ tó gba gbogbo lẹ́tà alámì, ni kí ẹ fi pamọ́ sí, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, àmì ìbéèrè tàbí àpótí kéékèèké lè rọ́pò àwọn lẹ́tà alámì. Fọ́ǹtì Noto Sans dára.

Bí ọ̀rọ̀ bá pẹ́ ju ohùn lọ ní ìwọ̀n kan náà láti ìbẹ̀rẹ̀, ẹ tẹ G nínú VLC, ètò tí a fi ń wo fíìmù lórí kọ̀ǹpútà. Bó bá yá jù, H. Ṣùgbọ́n bó bá ṣe déédéé níbẹ̀rẹ̀, tó wá ń fi bíi ìṣẹ́jú-àáyá 2.5 yẹ̀ ní ìṣẹ́jú kọ̀ọ̀kan, fírémù (àwòrán tó ń kọjá ní ìṣẹ́jú-àáyá kan) 25 àti 23.976 ló dàrú mọ́ra. Títì í síwá sẹ́yìn kò ní wò ó sàn; ìwọ̀n fírémù ni kí ẹ yí padà.

Ẹ wá fi ìṣẹ́jú 10 han ìyá àgbà kan tó mọ̀ ọ́n kà. Ibi tí ojú rẹ̀ bá ti gbàgbé àwòrán, ẹ gé ọ̀rọ̀ ibẹ̀ kù.