Béèlì ṣáájú ìmúni lábẹ́ òfin ìwà ìkà sí àwọn Dalit ní Íńdíà: àṣìṣe tó wọ́pọ̀

Ní Íńdíà, ẹni tí ara bá fu pé ọlọ́pàá ń bọ̀ wá mú òun lè lọ bá adájọ́ kí wọ́n tó dé, kó ti gba béèlì sílẹ̀. Ṣùgbọ́n òfin 1989 tó ń gbèjà àwọn Dalit, tí ètò kásìtì kà sí ẹni àìfọwọ́kàn, àti àwọn Adivasi tí wọ́n jẹ́ ọmọ onílẹ̀, ti ọ̀nà yẹn pa ní abala 18. Ìdí rẹ̀ yé ẹnikẹ́ni tó bá mọ bí abúlé ṣe rí: bí olùfisùn bá ń dáko lórí ilẹ̀ ẹni tó fẹ̀sùn kàn, tí wọn kò sì mú onílẹ̀ náà, kò ní pẹ́ tí yóò fi ránṣẹ́ sí i pé kó lọ yọ ẹjọ́ kúrò lọ́dọ̀ ọlọ́pàá. Síbẹ̀, ilẹ̀kùn tí wọ́n tì yìí ní àlàfo kan, ẹ̀gbẹ́ àlàfo náà sì ni ọ̀pọ̀ lọ́yà ti ń kọsẹ̀.

Ẹ má gbé ìdájọ́ tí ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ ṣe ní 20 oṣù kẹta 2018 lọ síwájú adájọ́ mọ́. Ìdájọ́ yẹn ní kí ọlọ́pàá kọ́kọ́ ṣèwádìí kó tó kọ FIR, ìyẹn ìwé tí ọlọ́pàá fi ń kọ ẹ̀sùn sílẹ̀ níbẹ̀rẹ̀, kó sì gba àṣẹ kó tó múni. Àwọn Dalit tú síta láti fi ẹ̀hónú hàn ní 2 oṣù kẹrin. Nígbà tó di oṣù kẹjọ, ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin fi abala 18A kún òfin náà láti wọ́gi lé e, kóòtù fúnra rẹ̀ sì yí àṣẹ ọ̀hún padà ní 1 oṣù kẹwàá 2019. Ẹni tó bá ṣì ń tọ́ka sí i, owó tí wọn kò ná mọ́ ló ń gbé lọ sọ́jà.

Èyí tó ń ba ẹjọ́ jẹ́ jù ni kí lọ́yà máa jiyàn pé irọ́ ni ẹ̀sùn náà. Ní 10 oṣù kejì 2020, ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ fọwọ́ sí abala 18A, ṣùgbọ́n ó ní bí ẹ̀sùn náà, bí wọ́n ṣe kọ ọ́ gan-an, kò bá fi ẹ̀ṣẹ̀ kankan hàn lábẹ́ òfin yìí, ìdíwọ́ abala 18 kò dè é. Ohun tó wà nínú FIR ni adájọ́ ń kà. Fídíò kámẹ́rà àti ẹlẹ́rìí tó ní ẹ kò sí nílé lọ́jọ́ náà, ìgbà ìgbẹ́jọ́ ni wọ́n wà fún. Ní oṣù kẹsàn-án 2025, ilé ẹjọ́ kan náà fagi lé béèlì tí Ilé Ẹjọ́ Gíga Bombay fúnni, nítorí pé Ilé Ẹjọ́ Gíga náà ti bẹ̀rẹ̀ sí í wọn ẹ̀rí bí ẹni pé ìgbẹ́jọ́ ti dé.

Nítorí náà, ẹ jókòó ti FIR náà, kí ẹ ka abala kọ̀ọ̀kan tí wọ́n kọ sínú rẹ̀. Abala 3(1)(r), ìyẹn ìwọ̀sí, ń béèrè pé kí ẹni tó sọ̀rọ̀ má jẹ́ Dalit tàbí Adivasi, kí ó mọ̀ọ́mọ̀ fẹ́ tẹ́ ẹnì kejì nítorí ìran rẹ̀, kó sì ṣẹlẹ̀ lójú gbangba. Ọ̀pọ̀ ń ṣi “ojú gbangba” túmọ̀ sí ibi tó jẹ́ ti ìjọba. Rárá o. Nínú ìdájọ́ 2008 kan, ẹnu géètì ilé aládàáni ni, ṣùgbọ́n ará ìta lè rí i láti ojú títì, kóòtù sì kà á sí ojú gbangba. Ní 2020 ẹ̀wẹ̀, nínú ẹjọ́ kan láti Uttarakhand, inú ilé láàárín ògiri mẹ́rin ni, kò sí ará ìta níbẹ̀, wọ́n sì yọ ẹ̀sùn yẹn kúrò.

Ṣùgbọ́n bí abala 3(2)(va) bá wà nínú FIR, ọ̀rọ̀ ojú gbangba kò ran yín lọ́wọ́ mọ́. Ẹ̀ṣẹ̀ tó wà lára àwọn tí òfin náà tò sínú àkọsílẹ̀ rẹ̀, pẹ̀lú pé ẹni tó ṣe é mọ ìran ẹni tó ṣe é sí, ti tó. Ẹ má sì sọ pé ẹ kò mọ ìran aládùúgbò yín: abala 8(c) ní bí ẹ bá mọ ẹni náà tàbí ẹbí rẹ̀ lójúkojú, kóòtù yóò gbà pé ẹ mọ̀ ọ́n, àfi bí ẹ bá fi ẹ̀rí hàn pé kò rí bẹ́ẹ̀.

Nọ́ńbà náà ń tanni jẹ. Láti 1 oṣù keje 2024, abala 438 àtijọ́ nínú òfin ìlànà ẹjọ́ ọ̀daràn, tó jẹ́ ti béèlì ṣáájú ìmúni, ti di 482 nínú ìlànà tuntun. Abala 482 àtijọ́, tí wọ́n fi ń fagi lé ẹjọ́, ti di 528. Ẹ wo ọjọ́ tó wà lórí ìdájọ́ tí ẹ ń tọ́ka sí kí ẹ tó kọ nọ́ńbà sílẹ̀.

Bí kóòtù àkànṣe, tó ń gbọ́ ẹjọ́ lábẹ́ òfin 1989 yìí, bá kọ béèlì, ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn ni abala 14A là sílẹ̀, sí Ilé Ẹjọ́ Gíga, láàárín 90 ọjọ́.

Ẹ má lọ bá olùfisùn “láti parí ọ̀rọ̀”, kódà bí àgbà àdúgbò bá tẹ̀lé yín. Ìdẹ́rùbà ni wọn yóò pè é níwájú adájọ́.

Àwọn kan a máa sá lọ nítorí wọ́n rò pé béèlì kò sí rárá. Abala 18 kò fọwọ́ kan béèlì tí a ń gbà lẹ́yìn ìmúni. Ẹni tí ìbéèrè rẹ̀ àkọ́kọ́ bá já lè fẹsẹ̀ ara rẹ̀ lọ sí kóòtù àkànṣe, kó sì béèrè lọ́jọ́ náà gan-an. Kó rí i dájú pé ìwé ti dé ọ̀dọ̀ olùfisùn ṣáájú, nítorí abala 15A fún un ní ẹ̀tọ́ láti gbọ́ nípa ìbéèrè béèlì àti láti sọ tẹnu rẹ̀. Bí ìwé yẹn kò bá tíì dé, wọn yóò sún ẹjọ́ síwájú, àtìmọ́lé sì ni yóò ti dúró dè é.