Ẹ dojú bàtà àtijọ́ dé kí ẹ tó ra tuntun

Ẹ̀yin tí a jọ ń sáré láàárọ̀, ẹ jọ̀ọ́, kí ẹ tó náwó sórí bàtà tuntun, ẹ kọ́kọ́ wo ìdí èyí tí ẹ ń wọ̀. Tó bá jẹ́ ẹ̀gbẹ́ inú, níhà àtàǹpàkò, ló jẹ jù, ó ṣeé ṣe kí ẹsẹ̀ yín máa tẹ̀ sínú bí ẹ bá ń sáré.

Irú ẹsẹ̀ bẹ́ẹ̀ ni tèmi. Bàtà tó rọ̀ bíi tìmùtìmù ni mo rà nígbà kan, orúnkún sì bẹ̀rẹ̀ sí í dùn mí kí oṣù tó parí. Ẹ fi ìka tẹ ẹ̀yìn bàtà tí ẹ fẹ́ rà níbi gìgísẹ̀, kò gbọdọ̀ wó. Ẹ dì í mú níwájú àti lẹ́yìn, kí ẹ lọ́ ọ bí ìgbà tí èèyàn ń fún aṣọ. Kò gbọdọ̀ lọ́ wẹ́rẹ́. Ibi ìka ẹsẹ̀ nìkan ló yẹ kó tẹ̀. Brooks Adrenaline àti ASICS Kayano wà lára àwọn bàtà tí wọ́n ṣe fún irú ẹsẹ̀ wa yìí.

Ìrọ̀lẹ́ ni kí ẹ lọ dán an wò, nígbà tí ẹsẹ̀ ti wú díẹ̀. Tòkunbọ̀ ńkọ́? Ẹ ṣọ́ra o, ẹsẹ̀ ẹlòmíràn ti tẹ̀ ẹ́ síbi tó wù ú. Bí ìrora ò bá sì lọ, ẹ rí oníṣègùn eegun àti iṣan.