Bí ẹ ṣe lè kọ orúkọ sáyẹ́ǹsì mọ́ igi oko àti àgbàlá yín ní Ilé-Ifẹ̀

Ẹ má tíì gbé fóònù láti ya fọ́tò igi. Orúkọ Yorùbá igi náà lẹ ó kọ́kọ́ wá, lẹ́nu àwọn tó ń kórè rẹ̀ tàbí tó ń tà á. Ẹ mú ewé àti èso rẹ̀ dání, kí ẹ lọ kí ìyá olóbì kan ní ọjà Odò-Ògbè, "Ẹ kú ọjà o, Ìyá," kí ẹ tó béèrè ohunkóhun. Ẹ bi ó kéré tán èèyàn méjì, torí ohun tí ẹnì kan ń pè ní asálà ni ẹlòmíràn ń pè ní awùsá. Ẹ kọ orúkọ méjèèjì sílẹ̀.

Lẹ́yìn náà, ẹ yẹ igi náà wò fúnra yín. Ẹ jẹ́ ká fi obì bẹ̀rẹ̀, torí òun ló ń ṣi èèyàn lọ́nà jù. Ẹ la obì kan. Bó bá ya sí awé méjì péré, gbànja ni, Cola nitida. Bí awé rẹ̀ bá tó mẹ́ta, mẹ́rin tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ, obì àbàtà ni, Cola acuminata, èyí tí àwọn babaláwo ń dà. Bí igi náà bá ń tanná lọ́wọ́, ẹ sún mọ́ òdòdó rẹ̀ dáadáa: ó kéré, ó funfun díẹ̀, ó la ẹsẹ̀ márùn-ún bí ìràwọ̀, ìlà pupa sì wà nínú rẹ̀. Orí igi kan náà lẹ ó ti rí òdòdó tó jẹ́ akọ nìkan àti èyí tó ní akọ àti abo pọ̀. Akọ kì í so, nítorí náà ẹ má tètè pe igi ní àgàn torí pé òdòdó rẹ̀ ń já bọ́.

Ẹ ṣọ́ra fún orógbó o. Garcinia kola ni orúkọ rẹ̀, àwọn èèyàn bá rí "kola" níbẹ̀, wọ́n á ní ọmọ ìyá obì ni. Rárá. Ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ nínú orúkọ ló ń sọ agbolé tí igi ti wá, èkejì ló ń yà á sọ́tọ̀ láàárín àwọn ará ilé rẹ̀. Ẹ sì bó orógbó wò, ẹ ó rí i pé kò lawé. Àwọn tó bá obì tan gan-an ni kòkó, Theobroma cacao, àti ilá inú ọbẹ̀ yín, Abelmoschus esculentus. Agbolé wọn yàtọ̀, àmọ́ ẹbí ńlá kan náà, Malvaceae, ni gbogbo wọn.

Asálà kì í ṣe igi, ìtàkùn ló jẹ́. Ẹ má lọ so orúkọ rẹ̀ mọ́ igi obì tó gùn. Ìdí ìtàkùn gan-an ni kẹ́ ẹ so ó mọ́. Nínú ìwé àtijọ́, Tetracarpidium conophorum lẹ ó bá. Plukenetia conophora ni wọ́n ń kọ báyìí. Bẹ́ẹ̀ náà ni ìrókò ṣe kúrò ní Chlorophora excelsa tó di Milicia excelsa.

Àwọn tó kù kò le. Kajú ni Anacardium occidentale, ẹbí kan náà ni òun àti máńgòrò. Àgbọn ni Cocos nucifera, ọ̀pẹ ni Elaeis guineensis. Akòko tí wọ́n ń fi ewé rẹ̀ joyè ni Newbouldia laevis. Òdòdó rẹ̀ elésè àlùkò kì í fara sin.

Bí igi kan kò bá yé yín, ẹ gé ẹ̀ka kékeré tó ní ewé, tó sì ní òdòdó tàbí èso. Ẹ kọ àwọ̀ òdòdó náà sílẹ̀ lójú ẹsẹ̀, torí bó bá gbẹ, àwọ̀ náà á ṣí. Ẹ tẹ́ ẹ sáàárín ìwé ìròyìn àtijọ́, ẹ gbé ohun tó wúwo lé e, kí ẹ máa pààrọ̀ ìwé náà lójoojúmọ́ títí yóò fi gbẹ. Ẹ wá gbé e lọ sí Ẹ̀ka Ẹ̀kọ́ Botany (ẹ̀kọ́ nípa ewéko) ní Yunifásítì Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀, níbi tí wọ́n ń tọ́jú irú ewé gbígbẹ bẹ́ẹ̀ sí, kí wọ́n bá yín fi wé tiwọn. Fọ́tò orí fóònù wúlò díẹ̀, àmọ́ èmi ò ní fi ewé nìkan ya gbànja sọ́tọ̀ kúrò lára àbàtà.

Tẹ́ ẹ bá fẹ́ kọ orúkọ náà, lẹ́tà ńlá ni kó bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́, lẹ́tà kékeré ni ti èkejì, kẹ́ ẹ sì fàlà sábẹ́ méjèèjì bó bá jẹ́ ọwọ́ lẹ fi kọ ọ́. "L." tẹ́ ẹ máa ń rí lẹ́yìn Theobroma cacao dúró fún Linnaeus, onímọ̀ nípa ewéko ará Sweden tó tẹ ìwé tí ọ̀nà ìkọ̀wé yìí ti bẹ̀rẹ̀ jáde ní 1753. Ẹ lè fi í sílẹ̀.

Ẹ gé agolo ohun mímu sí pẹlẹbẹ, ẹ ká etí rẹ̀ wọlé kó má baà géni lọ́wọ́. Ẹ fi báírò tó ti gbẹ tẹ orúkọ Yorùbá sókè, ti sáyẹ́ǹsì sísàlẹ̀, kó tẹ̀ wọnú páànù náà dáadáa. Òjò ò lè fọ ìyẹn, oòrùn ò sì lè pa á rẹ́ bíi ti máákà. Wáyà ni kẹ́ ẹ fi so ó, ẹ má kan ìṣó mọ́ igi. Kí wáyà náà dẹ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí ìka mẹ́ta á fi wọ abẹ́ rẹ̀, kẹ́ ẹ sì máa tú u sí i lọ́dọọdún, torí igi ń sanra.